Píónì Tí Wọ́n Hú Nígbà Ìrúwé

Mo ti di ìrudi òdòdó náà mú, mo fẹ́ já a, nígbà tí ẹnì kan sọ̀rọ̀ lẹ́yìn mi.

"Fi ìyẹn sílẹ̀."

Mi ò wẹ̀yìn. "Bàbá tó ni oko ní ká já gbogbo rẹ̀."

"Bàbá tó ni oko ni bàbá mi. Ó ti lọ jẹun. Mo ní kó o fi í sílẹ̀."

Mo wẹ̀yìn wò. Ọmọbìnrin kan ló dúró sínú aporo, ó so gèlè búlúù tó ti ṣá mọ́rí. Ìrudi kún apẹ̀rẹ̀ rẹ̀ dé ẹnu. Oje wọn ti sọ ìka rẹ̀ di dúdú. Èèrà ń rìn lọ́wọ́ rẹ̀, kò gbọ̀n wọ́n dànù.

Bí mo ṣe pàdé Lou Suilan nìyẹn.

Ọdún tí ìjọba pín ilẹ̀ padà fún ìdílé kọ̀ọ̀kan ni. Òjò ti pa ààrò bíríkì lábúlé tiwa, lódìkejì odò, iṣẹ́ sì dá. Mo bá sọdá wá ṣe lébìrà lóko píónì. Nítorí gbòǹgbò ni wọ́n ṣe ń gbìn ín níbẹ̀, wọn a bọ̀ ọ́, wọn a bó o, wọn a tà á fún àwọn elégbòogi ní ìlú Bozhou. Bí òdòdó bá tanná, gbòǹgbò kì í tóbi. Nítorí náà, bí ìrudi bá ti yọ, jíjá ni. Abúlé tó ní píónì jù ní gbogbo agbègbè wa, o lè rìn ín já kó o má rí òdòdó kan.

"Kí lo fẹ́ fi ẹyọ kan ṣe?" ni mo bi í.

"Mo fẹ́ wò ó."

"Ṣé o ò rí i rí ni?"

"Mò ń rí i lọ́dọọdún. Mo máa ń fi ọ̀kan pa mọ́ síbi tí ojú bàbá mi ò tó. Ti ọdún yìí ni ìwọ fẹ́ pa yẹn." Ó wò mí láti orí dé ẹsẹ̀. "Ìwọ oníbíríkì. Erùpẹ̀ pupa ṣì wà ní etí ẹ."

Mo fọwọ́ kan etí mi. Ó bú sẹ́rìn-ín. Mo fi ìrudi náà sílẹ̀.

Nígbà tí wọ́n ti sanwó fún wa, mo tún sọdá odò. Mo sọ fún ìyá mi pé mo gbàgbé fìlà mi síbẹ̀. Fìlà náà wà lórí mi. Ìyá mi wò ó, ó bá iṣẹ́ rẹ̀ lọ.

Suilan wà ní ìkángun oko, ó lóṣòó. Òdòdó náà ti là. Funfun ni, àmọ́ ilà pupa tín-ín-rín kan wà láàárín rẹ̀, bí ẹni fi abẹ́rẹ́ fà á.

Mo lóṣòó tì í. "Wọ́n ní èèrà ló máa ń ṣí i."

"Irọ́ ni. Oyin ara rẹ̀ ni wọ́n ń lá. Ìgbà tó bá wu òun fúnra ẹ̀ ló ń ṣí."

"Ó máa pẹ́ tó ìgbà wo?"

"Tí òjò ò bá rọ̀, ọ̀sẹ̀ kan."

"Ọdún kan gbáko, torí ọ̀sẹ̀ kan?"

"O mọ nǹkan míì tó sàn jù bẹ́ẹ̀ lọ?"

Mi ò mọ̀. Mo fẹ́ràn rẹ̀ láti ọjọ́ náà. Mi ò mọ bí wọ́n ṣe ń sọ irú ọ̀rọ̀ bẹ́ẹ̀. Mo sọ fún un pé ìka rẹ̀ dúdú.

"Mo ti gbọ́," ló wí. Kò gbé ọwọ́ náà kúrò nítòsí tèmi.

Títí òtútù fi dé ni a ń pàdé ní èbúté. Bí òtútù ti ń kásẹ̀ nílẹ̀, ìyá mi bẹ Ìyá Kou lọ́wẹ̀, òun ni alárenà tí gbogbo abúlé méjèèjì mọ̀. A gbé ọtí àti ṣúgà dání lọ sílé àwọn Lou. Suilan ò sí nílé. Bàbá rẹ̀ ti gbọ́ pé a ń bọ̀, ó ti rán an lọ sọ́dọ̀ àǹtí rẹ̀ nígboro, pé kó lọ bá a ránṣọ.

Bàbá Lou jókòó sórí àpótí, ó ń bó gbòǹgbò. Kò dáwọ́ dúró.

"Ọmọ ta ni?"

"Ọmọ àwọn Geng ni, lódìkejì," Ìyá Kou dáhùn. "Shunhe lorúkọ rẹ̀."

"Àwọn oníbíríkì."

"Wọn ò jalè, Bàbá Lou. Wọ́n níṣẹ́ lọ́wọ́."

"Wọ́n ń wúkọ́. Ikọ́ ló pa bàbá rẹ̀. Ikọ́ ló pa bàbá bàbá rẹ̀. Ọmọ kan ṣoṣo ni mo bí. Ṣé ẹ fẹ́ kó di opó kó tó hu ewú?"

"Ẹ wo ojú ọmọ yín kẹ́ ẹ tó dáhùn."

Ó bó gbòǹgbò kan tán, ó mú òmíràn. Lẹ́yìn náà ó dìde, ó gbé ọkọ́, ó gba ẹ̀yìn ilé lọ. A gbọ́ tí ó ń wa ilẹ̀. Nígbà tó padà dé, ó mú gbòǹgbò píónì kan dání, ẹ̀ẹ́hù rẹ̀ ṣẹ̀ṣẹ̀ ń yọ. Ó fi ọ̀bẹ là á bí ẹni gé ebu iṣu. Ó na apá kan sí mi.

"Gbìn ín sí àgbàlá yín. Ọjọ́ tó bá tanná níbẹ̀, kí Ìyá Kou padà wá. Màá mu ọtí yín lọ́jọ́ náà. Màá sì fún ẹ lọ́mọ."

Ìyá Kou la ẹnu, ó pa á dé. Mo rò pé ayọ̀ ni.

Mo fi ẹ̀wù mi wé gbòǹgbò náà. Bí mo ti ń gbé e kọjá, àwọn èèyàn jáde sẹ́nu ọ̀nà. Mo ń kí wọn. Wọ́n ń dáhùn, ìdáhùn wọn dára jù. Obìnrin kan fọwọ́ bo ẹnu, ó sá wọlé.

Nílé, mo wa ihò tó dé orúnkún mi. Bíríkì ni mo mọ̀. Ohun tí mo mọ̀ nípa nǹkan tí a bá fẹ́ kó dúró pẹ́ ni pé ìpìlẹ̀ rẹ̀ gbọ́dọ̀ jìn.

"Ṣé kànga lò ń gbẹ́ ni?" ìyá mi bi mí.

"Kí òtútù má bàa mú un ni."

Mo da eérú ààrò lé e lórí, ẹ̀kún kẹ̀kẹ́ ẹrù kan. Mo sì jókòó tì í.

Suilan padà dé nígbà tí ooru ti mú. Ó wá mi wá sí èbúté. Mo ti ń rẹ́rìn-ín kí ọkọ̀ rẹ̀ tó gúnlẹ̀.

"Wọ́n ní bàbá mi fún ẹ ní píónì."

"Ó fún mi. Ó ti yọ ewé díẹ̀."

"Ìgbà wo ló hú u?"

"Ọjọ́ tí a wá ni. Nígbà ìrúwé."

Ó jókòó sórí òkúta. 

"Ṣé wọn kì í pa á lówe lọ́dọ̀ yín ni? Pín píónì nígbà ìrúwé, kò ní tanná títí wàá fi darúgbó. Ọmọdé tí ò tíì yọ eyín mọ̀ ọ́n lábúlé wa. Ìgbà ìwọ́wé ni wọ́n ń pín in. Shunhe, bàbá mi ti kọ̀ ẹ́. Kò kàn fi ẹnu sọ ọ́ ni."

Mo rántí obìnrin tó fọwọ́ bo ẹnu. Gbogbo ara mi gbóná.

"Mò ń lọ bá a."

"Lọ sọ kí ni fún un?"

"Pé ó tàn mí."

"Jókòó." Ó fà mí láṣọ. "Ojú Ìyá Kou ló ti sọ ọ́. Ó ní ọjọ́ tó bá tanná. Kò dárúkọ ọdún. Bàbá mi kì í kó ọ̀rọ̀ ẹ̀ jẹ, ìyẹn ni ìyà tó ń jẹ ẹ́. Okùn tó fi so ẹ́, ó ti so òun náà."

"Tí kò bá wá tanná ńkọ́?"

"Ó lè pẹ́. Ṣé wàá lè dúró?"

"Àtikékeré ni mo ti ń dúró ti ààrò."

"Ààrò kì í ju ọ̀sẹ̀ méjì lọ, oníbíríkì."

"Màá kọ́ ọ."

Nígbà ìwọ́wé ó wá sí àgbàlá wa, òun àti ọkọ́ kékeré kan tí ìyá rẹ̀ tó ti kú lò. Ó kí ìyá mi, ó kúnlẹ̀, ó bẹ̀rẹ̀ sí í wa ilẹ̀. Ó wa á, ó wa á. Ó gbójú sókè.

"Ibo lo gbé e sí?"

"Ó wà nísàlẹ̀."

"Ìsàlẹ̀ ibo? Shunhe, òkú ni wọ́n ń sin báyìí!"

Ìyá mi rẹ́rìn-ín títí omi fi bọ́ lójú rẹ̀. Mi ò tíì rí i kó rẹ́rìn-ín bẹ́ẹ̀ láti ìgbà tí bàbá mi ti kú.

Suilan gbé gbòǹgbò náà jáde, ó gbọn eérú kúrò. Ó fi àwọn ojú tí ẹ̀ẹ́hù ti ń yọ lára rẹ̀ hàn mí. Wọ́n pupa, wọ́n sì ki.

"Wò ó. Ìka méjì ni kí iyẹ̀pẹ̀ fi bò wọ́n, kó má jù bẹ́ẹ̀. Tó bá ti jìn, ewé ni wàá máa rí. Òtútù tí ò ń bò ó fún, òun gan-an ló ń wá. Èyí tí òtútù ò bá mú nínú wọn kì í tanná." Ó gbé ìka rẹ̀ méjì lé ilẹ̀, ó wọ̀n ọ́n, ó tẹ iyẹ̀pẹ̀ náà. "Má gé ewé rẹ̀ kó tó gbẹ fúnra ẹ̀. Eérú, ẹ̀kúnwọ́ kan. Má sì tún ṣí i nípò mọ́ o. Ìgbàkigbà tí wọ́n bá ṣí i nípò, ó ń bẹ̀rẹ̀ ọdún ẹ̀ látìbẹ̀rẹ̀ ni."

"Ta ni ò ní ṣe bẹ́ẹ̀?" ni ìyá mi wí.

Ó fi ọkọ́ náà sílẹ̀ lọ́dọ̀ wa.

Ọdún tó tẹ̀ lé e, ewé ni. Ọdún kejì, ewé ni.

Àwọn awakọ̀ ojú omi sọ mí di eré. "Oníbíríkì, ìyàwó ẹ ti ta gbòǹgbò?" "Ìyàwó ẹ ti yọ ewé lọ́dún yìí?" Mo máa ń dá wọn lóhùn pé ó ti yọ ewé. Nígbà tó yá, wọn ò bi mí mọ́. Ìyẹn ló burú jù.

Ìyá mi gbìyànjú. "Ọmọ mi, ọmọ àwọn Dou ní apá, ó ní ẹsẹ̀, ó sì wà lódìkejì ọ̀nà. Obìnrin ni èèyàn ń fẹ́. Kì í ṣe òdòdó."

"Ẹ ṣé, Màámi."

"Ẹ ṣé kì í ṣe ìdáhùn."

Lọ́dọ̀ tiwọn náà, Bàbá Lou mú awakọ̀ akẹ́rù kan wálé, ẹni tó ní rédíò. Suilan gbé tíì fún àlejò náà. Lẹ́yìn náà ó yíjú sí bàbá rẹ̀. "Ẹ ti so mí mọ́ òdòdó kan, Bàbá. Ẹ jẹ́ ká kọ́kọ́ mọ ibi tí ìyẹn já sí." Awakọ̀ náà mu tíì rẹ̀ tán, ó gbé rédíò rẹ̀ lọ.

Ọdún kan, ìrudi kan yọ. Kò ju hóró ẹ̀wà lọ. Òtútù ìkẹyìn mú un, ó dúdú, ó gbẹ sórí igi rẹ̀. Mo sọdá odò.  Suilan wo bí mo ti ń sọ̀ kalẹ̀ nínú ọkọ̀, ó sì ti mọ̀.

"Ó ti rẹ̀ mí," ni mo wí.

"Ó ti rẹ èmi náà."

Ó mú mántóù kan, búrẹ́dì tí wọ́n fi ooru omi sè, jáde láti abẹ́ aṣọ rẹ̀, ó ṣì gbóná. Ó bù ú sí méjì, ó fún mi ní èyí tó tóbi.

"Jẹun, olólùfẹ́ mi. Àárẹ̀ ò ní ká má jẹun."

Ẹ̀ẹ̀kan ṣoṣo náà ló pè mí bẹ́ẹ̀ kí a tó fẹ́ra. A jẹ ẹ́ tán. Ọkọ̀ dé, mo wọ̀ ọ́.

Ọdún tí ìrudi gidi yọ, mi ò kọ́kọ́ gbà á gbọ́. Mo máa ń gba ẹ̀gbẹ́ rẹ̀ kọjá láìwò ó, bí ẹni gba ẹ̀gbẹ́ ajá aládùúgbò kọjá. Ìyá mi ló pè mí. Ìrudi náà tóbi tó ẹyin ẹyẹlé, ó ń dán, èèrà ti bò ó. Kí ilẹ̀ tó ṣú, ìròyìn ti sọdá odò.

Ní òwúrọ̀ ọjọ́ kejì, Bàbá Lou dé. Ó ti gbó. Apá rẹ̀ kan ti ń kú lọ, ọ̀pá ló fi ń rìn. Suilan tẹ̀ lé e lẹ́yìn, ojú rẹ̀ funfun. Ìyá mi gbé tíì wá, Bàbá Lou ò gbà á. Ó rìn tààrà lọ bá píónì náà, ó lóṣòó síwájú rẹ̀ pẹ̀lú ìnira.

Ó wò ó pẹ́. Lẹ́yìn náà ó na ọwọ́ rẹ̀ tó ṣì ń ṣiṣẹ́.

Gbogbo wa mọ ọwọ́ yẹn. Ìrudi ni ọwọ́ yẹn ti ń já láti ìgbà ọmọdé rẹ̀. Àtàǹpàkò àti ìka ìlábẹ̀ rẹ̀ ti wọ́, wọ́n kọjú síra wọn.  Mo lè dì í mú. Mi ò dì í mú. Oko rẹ̀ ni gbòǹgbò náà ti wá, ọmọ rẹ̀ ló sì dúró níbẹ̀.

A gbọ́ tó já nǹkan. Pákí.

"Ẹ̀yin bàbá yìí!" ìyá mi kígbe.

Ó la àtẹ́lẹwọ́ rẹ̀. Ìrudi wẹ́wẹ́ méjì ló wà níbẹ̀, àwọn tó yọ sẹ́gbẹ̀ẹ́. Ńlá àárín ṣì wà lórí igi rẹ̀.

"Ẹ ti fi àwọn ẹ̀gbẹ́ sílẹ̀ láìjá," ló wí. "Wọn ì bá mu ún gbẹ. Kò ní lè ṣí." Ó ju wọ́n nù. "Ta ló gbé e sókè kúrò nínú ihò tó jìn?"

 Ó wo Suilan.

"Ìka méjì?"

"Ìka méjì, Bàbá."

"Hẹn." Ó fi ọ̀pá tẹ ilẹ̀ ìdí rẹ̀ wò. "Mo rò pé yóò ti sú ọmọkùnrin yìí."

"Ó ti sú u," Suilan wí. "Ó ti sú èmi náà. A kàn ò lọ ni."

Bàbá Lou gbìyànjú láti dìde, kò lè dìde. Mo mú un lápá, mo gbé e sórí àga. Ó gba tíì náà lọ́wọ́ ìyá mi, ó mu ún.

"Ẹ jẹ́ kí Ìyá Kou wá. Kó tètè wá, ara mi ò yá mọ́." Ó wò mí. "Ìwọ. Má jẹ́ kí ikọ́ pa ẹ́."

"Mo gbọ́, Bàbá."

"Mi ò ní kó o gbọ́. Mo ní kó o kúrò nídìí ààrò."

A ṣe ìyàwó láàárín ọ̀sẹ̀ tí òdòdó náà tanná. Òjò rọ̀ lọ́jọ́ kẹta, ọjọ́ ìyàwó náà. Orí òdòdó náà wúwo, ó tẹ̀, ó kan ẹrẹ̀. Suilan fi òwú pupa inú irun rẹ̀ so ó mọ́ ọparun kan, nínú aṣọ ìyàwó, ẹsẹ̀ rẹ̀ nínú omi. Àwọn awakọ̀ ojú omi wá, wọ́n jẹun, ojú tì wọ́n díẹ̀. Ìyá Kou mutí yó. Ó ní òun ò mọ̀ pé iṣẹ́ aṣọ́gbà ni wọ́n bẹ òun. Bàbá Lou mu ife kan, bó ti ṣèlérí. Kí ìgbà ìwọ́wé tó dé, ó ti kú.

Inú mi dùn lọ́jọ́ náà. Àmọ́ bí ẹni tó gbé ẹrù wúwo dé ilé ni. Èmi àti Suilan wọ yàrá, a jókòó sétí bẹ́ẹ̀dì, a sì sùn lọ pẹ̀lú bàtà lẹ́sẹ̀.

Mo kúrò nídìí ààrò, mo ń gbin ọkà. Ikọ́ ò kúrò lára mi. A bí ọmọbìnrin kan, Yinmei. Lọ́dọọdún, Suilan máa ń já àwọn ìrudi ẹ̀gbẹ́, ó máa ń fi ńlá sílẹ̀. Bó bá tanná, a ó gbé àga sí i lẹ́gbẹ̀ẹ́, a ó jẹ ẹ̀kọ jéró wa níbẹ̀. A kì í sọ̀rọ̀ púpọ̀. Bí mo bá wúkọ́, Suilan á fọwọ́ gbá mi lẹ́yìn, á ní, "Má kú o, oníbíríkì. Bàbá mi á ní òun ti sọ ọ́."

Ọkàn Suilan ló dáwọ́ iṣẹ́ dúró, lẹ́yìn ọ̀pọ̀ ọdún, nígbà òtútù, nídìí àdògán. Ó ń po ìyẹ̀fun lọ́wọ́. Ẹ̀rù tó ba Bàbá Lou nítorí opó, ó bà á lásán. Èmi tí mò ń wúkọ́ ló ṣẹ́kù.

A sin ín sí ìkángun oko ọkà wa, níbi tí oòrùn ti ń mú.

Aládùúgbò ti kọ́ ilé alájà sí ẹ̀gbẹ́ àgbàlá wa. Oòrùn kì í dé ìdí píónì mọ́ ju ìṣẹ́jú díẹ̀ lọ. Lẹ́yìn tí Suilan kú, ìrudi ń yọ, wọn kì í ṣí.

Yinmei wá láti ìlú ńlá. "Bàbá, ẹ jẹ́ ká gbé e sínú ìkòkò. Ẹ jẹ́ ká jọ máa lọ."

"Kì í gbé inú ìkòkò."

"Ẹ̀yin ńkọ́?"

"Èmi náà."

"Ẹ ṣí i nípò nígbà náà."

"Ó máa bẹ̀rẹ̀ ọdún ẹ̀ látìbẹ̀rẹ̀. Ọdún wo ló kù lọ́wọ́ mi?"

Ó lọ, ó ń sunkún díẹ̀. Ọmọ dáadáa ni.

Nígbà ìwọ́wé tó kọjá, mo mú ọkọ́ kékeré náà. Mo hú píónì, ó gbà mí lọ́jọ́ kan gbáko, mo ń sinmi láàárín rẹ̀. Mo là á sí méjì. Mo gbé apá kan lọ sí ìdí sàréè Suilan. Mo fi ìka mi méjì wọn ilẹ̀. Mo rántí pé ìka tirẹ̀ tín-ín-rín ju tèmi lọ, mo sì bu iyẹ̀pẹ̀ díẹ̀ kúrò lórí rẹ̀. Mo dá apá kejì padà sí àgbàlá, sí ẹ̀gbẹ́ ẹnubodè níbi tí oòrùn òwúrọ̀ ṣì ń kan.

Ìrúwé ti dé báyìí. Mo ti lọ wo méjèèjì. Ewé ni wọ́n ní.